Mo fẹ́ kọ́ Bíbélì bí àwọn onímọ̀ ṣe ń kọ́ ọ. Ibo ni kí n ti bẹ̀rẹ̀?

ÒǹkàwéTuntun

Ẹ̀yin ará, ẹ kú ìkàlẹ̀ o. Láti kékeré ni mo ti ń ka Bíbélì, mo sì nífẹ̀ẹ́ rẹ̀ dénú. Láìpẹ́ yìí ni mo wá ń gbọ́ ọ̀rọ̀ àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n tó ń ṣàlàyé ìgbà tí wọ́n kọ ìwé kọ̀ọ̀kan, irú ẹni tó ṣeé ṣe kó kọ ọ́, àti ìdí tí àwọn ìwé àfọwọ́kọ àtijọ́ kò fi bára mu níbòmíràn. Mi ò fẹ́ kàn gba ọ̀rọ̀ wọn gbọ́, mi ò sì fẹ́ kàn kọ̀ ọ́. Mo fẹ́ mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe é, kí èmi náà lè yẹ̀ ẹ́ wò.

Ṣé èdè ni kí n kọ́kọ́ dojú kọ, àbí ìtàn? Ìwé wo nínú Bíbélì ló dára fún ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀? Ṣé ẹni tí kò wọ yunifásítì lè kọ́ ọ dé ibi tó jọjú? Èyí tó sì jẹ mí lọ́kàn jù: ṣé onígbàgbọ́ lè ṣe irú ẹ̀kọ́ yìí kí ìgbàgbọ́ rẹ̀ má fọ́? Ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbà mí nímọ̀ràn.

ÀgbàÒǹkàwé

Ẹ káàbọ̀. Kí ẹ tó ra ìwé kankan tó ń sọ̀rọ̀ nípa Bíbélì, ẹ mú ìwé kékeré kan nínú Bíbélì fúnra rẹ̀, kí ẹ kà á tán ní ìjókòó kan. Jónà dára, ẹsẹ 48 péré ni. Fílémónì kò ju ẹsẹ 25 lọ. Ẹ má ka orí kan lónìí kí ẹ fi èyí tó kù dọ̀la. Àwọn tó kọ ìwé wọ̀nyí kò pín wọn sí orí, wọn ò sì fi nọ́ńbà sí ẹsẹ. Ní ọ̀rúndún 13 ni Stephen Langton pín Bíbélì sí àwọn orí tí à ń lò títí dòní. Ní 1551 ni Robert Estienne, òǹtẹ̀wé kan, fi nọ́ńbà ẹsẹ sí Májẹ̀mú Tuntun. Ẹni tó bá ń mú ẹsẹ kọ̀ọ̀kan bíi pé ó dá dúró, ohun tí òǹkọ̀wé ń sọ lódindi á máa bọ́ mọ́ ọn lọ́wọ́.

Lẹ́yìn ìyẹn, ẹ kà á lẹ́ẹ̀kejì, kí bírò wà lọ́wọ́ yín. Ẹ máa bi í ní ìbéèrè tí ẹ máa bi lẹ́tà tí ẹ ṣàdédé rí nílẹ̀, tí kò ní déètì lórí: ta ló ń sọ̀rọ̀? Ta ló ń bá sọ̀rọ̀? Kí lẹni náà ti mọ̀ tó jẹ́ ká mọ ìgbà tó gbé ayé?

Àpẹẹrẹ kan rèé. Jẹ́nẹ́sísì 36:31 ń to orúkọ àwọn ọba tó jẹ ní Édómù kí ọba kankan tó jẹ lórí àwọn ọmọ Ísírẹ́lì. Ẹni tó kọ gbólóhùn yẹn ti mọ̀ pé ọba jẹ ní Ísírẹ́lì, bẹ́ẹ̀ sì ni kò tíì sí ọba níbẹ̀ nígbà ayé Mósè. Diutarónómì 34 náà ròyìn ikú Mósè àti ìsìnkú rẹ̀, ó ní kò sẹ́ni tó mọ ibojì rẹ̀ títí di òní. Òní ta ni? Irú ìbéèrè báyìí ni gbogbo ẹ̀kọ́ yìí ti hù jáde. Ó sì ti pẹ́ tí wọ́n ti ń bi í: Abraham ibn Ezra, onímọ̀ Júù tó gbé ayé ní ọ̀rúndún 12, fọgbọ́n tọ́ka sí i nínú àlàyé rẹ̀ lórí Diutarónómì.

Tí ẹ bá ti ṣe èyí lórí ìwé méjì tàbí mẹ́ta, ẹ̀ẹ́ máa mọ ibi tí ọ̀rọ̀ àwọn ọ̀jọ̀gbọ́n ti wá. Tí ẹ ò bá ṣe é, èrò wọn nìkan lẹ máa há sórí.

ÈdèÀtijọ́

Mo fara mọ́ ohun tí ẹ̀gbọ́n sọ, àmọ́ mi ò fẹ́ ká fi èdè dọ̀la. Ọ̀pọ̀ èèyàn ló ń sọ pé àwọn á kọ́ èdè tó bá yá, kì í sì í yá. Ẹ mú èdè kan ṣoṣo báyìí. Tó bá jẹ́ Májẹ̀mú Tuntun lọkàn yín fà sí, Gíríìkì ni. Tó bá jẹ́ ìwé àwọn Júù, Hébérù ni. Ẹ má pa méjèèjì pọ̀ lọ́dún àkọ́kọ́.

Hébérù ni wọ́n fi kọ Májẹ̀mú Láéláé, àyàfi Dáníẹ́lì láti 2:4 títí dé òpin orí 7, apá kan nínú Ẹ́sírà (4:8 dé 6:18, àti 7:12 dé 26), ẹsẹ kan nínú Jeremáyà (10:11) àti ọ̀rọ̀ méjì nínú Jẹ́nẹ́sísì 31:47. Árámáíkì ni ìwọ̀nyẹn. Lẹ́tà 22 ni Hébérù ní, kọ́ńsónáǹtì sì ni gbogbo wọn. Àwọn àmì fáwẹ̀lì tí ẹ máa rí lókè àti nísàlẹ̀ lẹ́tà, àwọn Másórétì, ìyẹn àwọn Júù adàwékọ, ló fi wọ́n síbẹ̀ láàárín nǹkan bí ọdún 600 sí 1000 lẹ́yìn ìbí Kristi, kí bí wọ́n ṣe ń ka ìwé náà má bàa sọnù. Àwa tí èdè wa kò ṣeé kà dáadáa láìsí àmì lórí á tètè lóye ìdí iṣẹ́ wọn.

Àwọn tó ń bẹ̀rẹ̀ Hébérù máa ń rí Rúùtù, Jónà àti ìtàn Jẹ́nẹ́sísì kà wọ́ọ́rọ́wọ́. Ẹ má sún mọ́ Jóòbù o, àwọn àgbà onímọ̀ pàápàá ṣì ń jà á níyàn. Ní Gíríìkì, Jòhánù àti Máàkù ló rọrùn. Hébérù, ìyẹn lẹ́tà tó wà nínú Májẹ̀mú Tuntun, le bí ojú ẹja. Ìdajì wákàtí lójoojúmọ́ sàn ju wákàtí mẹ́ta lọ́jọ́ Sátidé.

Ẹ ṣọ́ra fún ohun kan. Atọ́ka ọ̀rọ̀ Bíbélì tí James Strong ṣe ní 1890, tó fi nọ́ńbà sí ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan, wúlò láti mọ ibi tí ọ̀rọ̀ kan ti jẹ yọ. Àmọ́ kì í ṣe ìwé atúmọ̀ èdè tó péye, ẹni tó bá ń ti inú rẹ̀ kó gbogbo ìtumọ̀ jọ sórí ọ̀rọ̀ kan ń ṣi ara rẹ̀ lọ́nà. Ohun tó yí ọ̀rọ̀ ká nínú gbólóhùn ló ń sọ ohun tó túmọ̀ sí.

Ní ti irinṣẹ́, ìkànnì Sefaria ní Bíbélì Hébérù, Míṣínà àti Támúdù (ìwé òfin àti ìjíròrò àwọn rábì Júù àtijọ́) lọ́fẹ̀ẹ́. STEP Bible, tí Tyndale House ní Cambridge ṣe, ní Hébérù àti Gíríìkì, ó sì máa ń ṣàlàyé ọ̀rọ̀ kọ̀ọ̀kan tí ẹ bá tẹ̀. Ọ̀fẹ́ ni òun náà.

BíròMéjì

Mo fẹ́ fi iṣẹ́ kan kún ti ÀgbàÒǹkàwé, torí òun ló la ojú èmi. Ẹ tẹ Jẹ́nẹ́sísì orí 6 sí 9 sórí pépà, kí ẹ wá bírò aláwọ̀ méjì. Ẹ fi àwọ̀ kan fa ìlà sábẹ́ gbogbo ibi tí ìtàn ti pe Ọlọ́run ní "Olúwa", kí ẹ fi èkejì fà á sábẹ́ ibi tó ti pè é ní "Ọlọ́run". Ẹ tún wo iye ẹranko: ní 6:19, méjì méjì lára gbogbo ẹ̀dá alààyè, ní 7:2, méje méje lára àwọn ẹran tó mọ́. Ẹ wo iye ọjọ́: 40 ní 7:17, 150 ní 7:24. Ẹ wo bí ibi tí orúkọ ti yí padà àti ibi tí iye ti yí padà ṣe ń bá ara wọn rìn.

Nǹkan tí Jean Astruc, dókítà ará Faransé, ṣàkíyèsí nìyẹn tó fi tẹ ìwé kan jáde ní 1753. Èrò tirẹ̀ ni pé Mósè lo àwọn àkọsílẹ̀ tó ti wà ṣáájú rẹ̀. Ní 1878, Julius Wellhausen ará Jámánì wá to gbogbo ẹ̀ jọ: ó ní orísun mẹ́rin ni wọ́n hun pọ̀ di ìwé márùn-ún àkọ́kọ́, àti pé òfin àwọn àlùfáà ló dé gbẹ̀yìn. Lẹ́tà J, E, D àti P ni wọ́n fi ń pe àwọn orísun yẹn.

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má gbé J, E, D, P yìí bíi ẹ̀kọ́ tó ti yanjú. Láti nǹkan bí 50 ọdún sẹ́yìn ni ọ̀pọ̀ onímọ̀, pàápàá ní ilẹ̀ Yúróòpù, ti ń kọ J àti E bí Wellhausen ṣe tò wọ́n. Ohun tí ọ̀pọ̀ wọn ṣì fẹnu kò sí ni pé ìwé náà ní ju ọwọ́ kan lọ, pé Diutarónómì ní ohùn tirẹ̀, pé ohùn àwọn àlùfáà náà sì dá yàtọ̀. Ẹ kọ́kọ́ rí nǹkan náà fúnra yín, kí ẹ tó gbọ́ orúkọ tí wọ́n fún un.

Ẹ̀gbọ́nÀfọwọ́kọ

Ibi tí èmi máa ń dúró sí nìyí, ẹ foríjì mí tí ọ̀rọ̀ mi bá gùn.

Kò sí ìwé kankan nínú Bíbélì tí èyí tí òǹkọ̀wé fọwọ́ ara rẹ̀ kọ ṣì wà nílẹ̀. Gbogbo ohun tá a ní, àdàkọ àdàkọ ni. Ìdí nìyẹn tí apá kan nínú ẹ̀kọ́ yìí kò fi ní iṣẹ́ méjì ju kó máa fi àwọn àdàkọ wé ara wọn lọ, kó sì máa béèrè pé èwo ló ṣeé ṣe kó ṣáájú. Ẹ̀ka yìí ni mo rò pé ó yẹ kí gbogbo ẹni tó ń bẹ̀rẹ̀ fọwọ́ kàn, torí ojú ni wọ́n fi ń rí ẹ̀rí rẹ̀.

Ẹ mú Bíbélì Hébérù. Èyí tí wọ́n ń lò jù ní yunifásítì dá lórí Codex Leningrad (codex ni ìwé àfọwọ́kọ àtijọ́ tí wọ́n di pọ̀ bí ìwé wa òde òní), tí wọ́n parí ní 1008 tàbí 1009, tó sì wà ní St. Petersburg. Òun ló dàgbà jù lára àwọn tó pé. Codex Aleppo ṣáájú rẹ̀, nǹkan bí 930 ni, àmọ́ ó ti sọ apá púpọ̀ nù. Ọ̀pọ̀ jù lọ ìwé márùn-ún Mósè kò sí nínú rẹ̀ mọ́ látìgbà rògbòdìyàn 1947 ní Aleppo, ní Síríà. Ìyẹn túmọ̀ sí pé títí di àárín ọ̀rúndún 20, àdàkọ Hébérù tó pé tá a ní jìnnà sí ìgbà Aísáyà ju 1,500 ọdún lọ.

Láàárín 1946 sí 1947 ni àwọn darandaran Bẹ́dúínì rí àkájọ ìwé nínú ihò àpáta kan ní Qumran, létí Òkun Òkú. Nígbà tó fi máa di 1956, ihò 11 ni wọ́n ti rí ìwé nínú rẹ̀, àjákù ìwé tó ju 900 lọ ló sì jáde. Gbogbo ìwé Bíbélì Hébérù ló ní àjákù níbẹ̀ àfi Ẹ́sítérì (wọ́n máa ń ka Ẹ́sírà àti Nehemáyà sí ìwé kan). Àkájọ Aísáyà ńlá gùn ju mítà 7 lọ, orí 66 ló pé nínú rẹ̀, wọ́n sì fojú bù ú pé ó ju 100 ọdún lọ ṣáájú ìbí Kristi. Nígbà tí wọ́n fi wé Codex Leningrad, ìyàtọ̀ wà lóríṣiríṣi, pàápàá nínú bí wọ́n ṣe kọ lẹ́tà, ṣùgbọ́n ìwé kan náà ni. Ẹgbẹ̀rún ọdún ló wà láàárín méjèèjì. Ohun tí àwọn adàwékọ wọ̀nyẹn ṣe wú mi lórí gan-an.

Ṣùgbọ́n ẹ má dúró síbẹ̀, bí ọ̀pọ̀ oníwàásù ṣe máa ń ṣe. Qumran fi nǹkan mìíràn hàn. Ẹ wo 1 Sámúẹ́lì 17:4. Nínú Bíbélì Hébérù tí a ń lò, gíga Gòláyátì jẹ́ ìgbọ̀nwọ́ mẹ́fà àti ìbú àtẹ́lẹwọ́ kan, tó ń lọ sí mítà 3. Nínú àkájọ Sámúẹ́lì tí wọ́n rí ní ihò kẹrin ní Qumran, ìgbọ̀nwọ́ mẹ́rin àti ìbú àtẹ́lẹwọ́ kan ni, nǹkan bíi mítà 2. Ohun kan náà ni Codex Vaticanus, ìwé àfọwọ́kọ Bíbélì àtijọ́ kan, sọ ní Gíríìkì, òun náà sì ni Josephus, òpìtàn Júù ọ̀rúndún kìíní, kọ. Ẹ̀rí mẹ́ta tó jìnnà síra nìyẹn lórí iye tó kéré. Èwo ló ṣeé ṣe jù, pé ẹnì kan dín gíga òmìrán kù ni, àbí pé ẹnì kan fi kún un? Ẹ rò ó.

Ti Jeremáyà tún jinlẹ̀ ju ìyẹn lọ. Jeremáyà ti Gíríìkì, ìyẹn èyí tó wà nínú ìtumọ̀ Gíríìkì àtijọ́ tí àwọn Júù ṣe, fi nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́jọ kúrú ju ti Hébérù lọ, àsọtẹ́lẹ̀ lórí àwọn orílẹ̀-èdè sì wà láàárín ìwé, kò sí lápá ìparí bíi ti Hébérù. Tẹ́lẹ̀, àwọn kan máa ń sọ pé atúmọ̀ ló gé e kúrú. Ìgbà tí àjákù Jeremáyà lédè Hébérù tó kúrú bẹ́ẹ̀ gẹ́gẹ́ jáde ní Qumran ni ọ̀rọ̀ yí padà. Ó wá hàn pé ẹ̀dà méjì ló ń lọ káàkiri láàárín àwọn Júù nígbà náà. Ẹni tó bá ń bi èwo ni "Jeremáyà gidi" ní láti kọ́kọ́ dáhùn pé ṣé wòlíì kan tó tún ọ̀rọ̀ rẹ̀ kọ, tí akọ̀wé rẹ̀ Bárúkù kọ ọ́ sílẹ̀, tí wọ́n sì fi ọ̀rọ̀ púpọ̀ kún un (ẹ ka Jeremáyà 36:32), lè ní ẹ̀dà kan ṣoṣo.

Ní ti Májẹ̀mú Tuntun, ẹ lọ sórí ìkànnì Codex Sinaiticus. Ọ̀rúndún kẹrin ni wọ́n kọ ọ́. Ọ̀dọ̀ àwọn mẹ́rin ni ojú ewé rẹ̀ pín sí: British Library, ilé ìkàwé Yunifásítì Leipzig, ilé ìkàwé orílẹ̀-èdè Rọ́ṣíà àti ilé àwọn ajẹ́jẹ̀ẹ́ ìsìn St. Catherine ní Sínáì. Láti 2009 ni wọ́n ti kó gbogbo rẹ̀ pa pọ̀ síbẹ̀ lọ́fẹ̀ẹ́. Ẹ ṣí ìparí Máàkù. Ìwé parí sí 16:8, níbi tí àwọn obìnrin ti sá kúrò ní ibojì tí ẹ̀rù sì ń bà wọ́n. Ẹsẹ 9 sí 20 kò sí níbẹ̀, kò sì sí nínú Codex Vaticanus náà. Ìtàn obìnrin tí wọ́n mú nínú panṣágà, Jòhánù 7:53 sí 8:11, kò sí nínú àwọn méjèèjì. Ní ti ọ̀rọ̀ àwọn mẹ́ta tó ń jẹ́rìí ní ọ̀run ní 1 Jòhánù 5:7, Erasmus, onímọ̀ kan ní ọ̀rúndún 16, kò fi í sínú Májẹ̀mú Tuntun Gíríìkì tó tẹ̀ ní 1516 àti 1519, torí pé kò rí i nínú ìwé Gíríìkì tó ní lọ́wọ́. Ní 1522 ló tó fi í sí i.

Tí ẹ bá ra Bíbélì Gíríìkì tàbí Hébérù fún ẹ̀kọ́, ẹ kọ́ bí a ṣe ń ka àkíyèsí wíntínwíntín tó wà nísàlẹ̀ ojú ewé. Ibẹ̀ ni wọ́n kó gbogbo ìyàtọ̀ wọ̀nyí sí.

ÌyáÀdúrà

Ọmọ mi, mo ti rí ìbéèrè rẹ nípa ìgbàgbọ́, mo sì rí i pé kò tíì sẹ́ni tó dá ọ lóhùn.

Onígbàgbọ́ ló bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ yìí. Ní ọ̀rúndún kẹta, Origen, onímọ̀ Kristẹni kan, to Májẹ̀mú Láéláé sí òpó mẹ́fà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ara wọn, Hébérù àti ìtumọ̀ Gíríìkì lóríṣiríṣi, kó lè rí ibi tí wọ́n ti yàtọ̀. Ní 1890, Marie-Joseph Lagrange, àlùfáà Dominican, dá École Biblique sílẹ̀ ní Jerúsálẹ́mù. Ojú rẹ̀ rí màbo lọ́wọ́ àwọn tó fura sí i nínú ìjọ tirẹ̀, kò sì fi ìjọ tàbí ẹ̀kọ́ sílẹ̀. Ní 1943, Póòpù Pius Kejìlá kọ̀wé pé kí àwọn onímọ̀ Kátólíìkì máa lo èdè tí wọ́n fi kọ Bíbélì gan-an, kí wọ́n sì máa wo irú ìwé tí òǹkọ̀wé ń kọ.

Ìgbàgbọ́ rẹ yóò mì. Mi ò ní parọ́ fún ọ. Ohun tó yẹ kó o bi ara rẹ ni pé ṣé Ọlọ́run lo gbà gbọ́ ni, àbí ohun kan tí ẹnì kan sọ fún ọ nípa bí ìwé náà ṣe dé. Wá ẹnì kan tó ń gbàdúrà tó sì ń kàwé, kí ẹ jọ máa sọ̀rọ̀. Má dá a gbé.

OjúlówóÀbíAyédèrú

Ìkìlọ̀ ni tèmi. Tí ẹ bá ti ń fìfẹ́ hàn sí ọ̀rọ̀ yìí lórí íntánẹ́ẹ̀tì, fídíò "wọ́n ti rí ìwé tí ìjọ fi pa mọ́" á bẹ̀rẹ̀ sí í wọlé tọ̀ yín. Kí ẹ tó gba ohunkóhun, ẹ béèrè ibi tí wọ́n ti wú u, ẹni tó wà níbẹ̀ nígbà tí wọ́n wú u, àti bóyá wọ́n ti tẹ̀ ẹ́ jáde fún àwọn onímọ̀ mìíràn láti yẹ̀ wò. Ohun tó bá ti ọjà àwọn olówò ohun àtijọ́ jáde láìní ìtàn, ẹ dúró ná.

Museum of the Bible ní Washington ní àjákù 16 tí wọ́n sọ pé ó wá láti Òkun Òkú. Ní oṣù kẹta 2020, àwọn olùwádìí tí ilé náà fúnra rẹ̀ gbà ròyìn pé ayédèrú ni gbogbo rẹ̀. Ní 2012, wọ́n ń gbé e kiri pé wọ́n ti rí àjákù Máàkù tó jẹ́ ti ọ̀rúndún kìíní. Nígbà tí wọ́n tẹ̀ ẹ́ jáde ní 2018, àwọn tó ṣiṣẹ́ lórí rẹ̀ fi í sí ìparí ọ̀rúndún kejì tàbí ìbẹ̀rẹ̀ ìkẹta. Òótọ́ ni àjákù náà, ohun iyebíye sì ni, àmọ́ ọjọ́ orí tí wọ́n fi polówó rẹ̀ kò rí bẹ́ẹ̀.

Bákan náà ni ti ilẹ̀ wíwú. Òkúta Tel Dan tí wọ́n rí ní 1993 dárúkọ "ilé Dáfídì", ọ̀rúndún kẹsàn-án ṣáájú ìbí Kristi ni. Ní 1979, wọ́n rí àkájọ fàdákà kéékèèké méjì ní Ketef Hinnom, Jerúsálẹ́mù, tí ọ̀rọ̀ tó jọ ìbùkún inú Númérì 6:24 sí 26 wà lára wọn, nǹkan bí 600 ọdún ṣáájú ìbí Kristi. Ohun ńlá ni méjèèjì. Síbẹ̀, òkúta tó dárúkọ ilé Dáfídì kò sọ bí ìjọba rẹ̀ ṣe tóbi tó. Ẹ jẹ́ kí ẹ̀rí sọ ìwọ̀n ohun tó lè sọ.

ÈdèÀtijọ́

Mo fara mọ́ OjúlówóÀbíAyédèrú pátápátá. Kí n fi kan kún un: ẹni tó ń wo bí wọ́n ṣe fa lẹ́tà láti mọ ọjọ́ orí ìwé, ìwọ̀n ọdún ló lè fún yín, kì í ṣe ọdún kan pàtó. P52, àjákù Jòhánù orí 18 tó wà ní ilé ìkàwé John Rylands ní Manchester, wọ́n máa ń kọ 125 sí i lára nínú ọ̀pọ̀ ìwé. Àwọn onímọ̀ mìíràn ní ó lè jẹ́ ìgbàkigbà nínú ọ̀rúndún kejì, ó sì lè kọjá bẹ́ẹ̀ díẹ̀.

Akẹ́kọ̀ọ́Tánákì

Ohun kan wà tó ń dùn mí bí mo ṣe ń ka ìmọ̀ràn yín. À ń sọ Bíbélì Hébérù bíi pé ọ̀rọ̀ ìṣáájú ni fún Májẹ̀mú Tuntun. Ìwé àwọn Júù ni, wọ́n ṣì ń kà á, ọ̀nà tí wọ́n gbà ń tò ó sì yàtọ̀. Ìwé 24 ni wọ́n kà á sí níbi tí Bíbélì àwọn Pùròtẹ́sítáǹtì ti ní 39. Ohun kan náà ló wà nínú méjèèjì. Ti Kristẹni parí sí Málákì, tó ń retí Èlíjà. Ti Júù, bí wọ́n ṣe sábà ń tẹ̀ ẹ́, parí sí Kíróníkà, níbi tí Kírúsì ọba Páṣíà ti ní kí àwọn èèyàn gòkè lọ sí Jerúsálẹ́mù. Ẹ ka méjèèjì dé òpin, ẹ̀ẹ́ rí i pé ibi tí ìwé bá parí sí ń yí ohun tí ẹ ń retí padà.

Ẹ sì má fo àwọn ìwé tó wà láàárín Májẹ̀mú méjèèjì. Kí wọ́n tó wó Tẹ́ńpìlì Kejì ní ọdún 70, àwọn Júù kọ ìwé púpọ̀ tí kò sí nínú Bíbélì ọ̀pọ̀ wa. Júùdù ẹsẹ 14 àti 15 fa ọ̀rọ̀ yọ látinú ìwé Énọ́kù. Èdè Gíísì ti Ethiopia nìkan ni ìwé náà ti wà lódindi, torí ìjọ Ọ́tódọ́ọ̀sì Ethiopia kò jẹ́ kó sọnù, ó ṣì wà nínú Bíbélì wọn títí dòní. Nígbà tí Qumran jáde, àjákù rẹ̀ lédè Árámáíkì wà níbẹ̀. Adúláwọ̀ ló bá gbogbo ayé tọ́jú ìwé yìí.

ÒǹkàwéTuntun

Mi ò mọ bí mo ṣe máa dúpẹ́. Mo ti ka ìparí Máàkù nínú Sinaiticus, mo sì ti wo Gòláyátì. Ìyá mi, ẹ ṣeun fún ọ̀rọ̀ ìgbàgbọ́ yẹn, mo ti bá ẹnì kan sọ̀rọ̀ nínú ìjọ wa. Mo ti pinnu pé Gíríìkì ni màá kọ́. Ó ku ti yunifásítì, àti ibi tí màá ti bẹ̀rẹ̀ nínú àwọn Ìhìn Rere.

ÀgbàÒǹkàwé

Tó bá jẹ́ kí ẹ lè kà kí ẹ sì lóye ni, yunifásítì kì í ṣe dandan. Yunifásítì Yale gbé odindi ẹ̀kọ́ méjì sórí íntánẹ́ẹ̀tì lọ́fẹ̀ẹ́: Christine Hayes ló kọ́ni ní Bíbélì Hébérù, Dale Martin ló kọ́ni ní Májẹ̀mú Tuntun. Bí wọ́n ṣe kọ́ ọ nínú kíláàsì gan-an ló wà níbẹ̀. Tó bá jẹ́ pé ẹ fẹ́ di olùkọ́ tàbí olùwádìí, ẹ máa nílò oyè, kí ẹ sì mọ̀ ṣáájú pé wọ́n sábà ń fẹ́ kí ẹni tó ń ṣe oyè ọ̀mọ̀wé lè ka Jámánì àti Faransé kún Hébérù àti Gíríìkì, torí èdè tí wọ́n fi kọ ọ̀pọ̀ iṣẹ́ náà nìyẹn.

Ní ti Ìhìn Rere, ẹ to ìrìbọmi Jésù sí òpó mẹ́ta lórí pépà kan: Máàkù 1:9 sí 11, Mátíù 3:13 sí 17, Lúùkù 3:19 sí 22. Ẹ fa ìlà sábẹ́ ọ̀rọ̀ tí mẹ́tẹ̀ẹ̀ta jọ ní. Ẹ wá wo Jòhánù Onítẹ̀bọmi. Nínú Máàkù, ó kàn rì í bọmi. Nínú Mátíù, ó fẹ́ kọ̀, ó ní òun ló yẹ kí Jésù rì bọmi. Nínú Lúùkù, ìtàn ti ní wọ́n fi Jòhánù sẹ́wọ̀n kí ìrìbọmi tó wáyé nínú ìwé, kò sì dárúkọ ẹni tó ṣe é. Ọ̀pọ̀ onímọ̀ gbà pé Máàkù ló kọ́kọ́ dé, tí Mátíù àti Lúùkù sì ní in níwájú wọn. Ẹ jẹ́ ká rí bóyá òpó mẹ́ta yìí tì wọ́n lẹ́yìn lójú yín. Lẹ́yìn náà, ẹ mú Mátíù 3:7 sí 10 àti Lúùkù 3:7 sí 9, ọ̀rọ̀ tí Máàkù kò ní rárá, kí ẹ wo bí wọ́n ṣe bára mu tó.

Ẹ kọ ohun tí ẹ bá rí síbí kí ẹ tó ka àlàyé ẹnikẹ́ni. A ó bá yín wò ó.